Yógọ́ọ̀tì dípò kírímù nínú ọbẹ̀ ẹran màlúù àti olú

Ìbéèrè òǹkàwé kan láti Kétu:

Ẹ̀gbọ́n, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi dá sí ọ̀rọ̀ yìí. Dókítà ní kí ọkọ mi dín ọ̀rá kù nínú oúnjẹ rẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni ọbẹ̀ ẹran màlúù àti olú tí a máa ń fi kírímù sè ni ó fẹ́ràn jù lọ. Mo fi yógọ́ọ̀tì rọ́pò kírímù, ṣùgbọ́n bí ó ti hó báyìí ni ó dì ní wóró-wóró, tí omi rẹ̀ sì ya sọ́tọ̀. Ìyá ọkọ mi sọ pé wàrà kíkan kì í bá ẹran gbé inú ìkòkò kan náà. Àbúrò ọkọ mi tí ó wà ní Kútọnu ní ìyẹ̀fun ni n kò fi sí i. Ṣé ọbẹ̀ yìí tilẹ̀ ṣeé sè, àbí kí n padà sídìí kírímù?

* * *

Ó ṣeé sè, má sì tíì padà sídìí kírímù. Ìdáhùn náà wà nínú ìbéèrè rẹ: o ní “bí ó ti hó báyìí.” Híhó yẹn ni ó bà á jẹ́.

Kírímù tí wọ́n ń kó wá láti Faransé ní ọ̀rá tó ìdá 30 nínú ọgọ́rùn-ún. Ọ̀rá yìí ni ó máa ń bo purotéènì inú wàrà tí kì í fi í jẹ́ kí ó dì mọ́ra, ìdí nìyẹn tí kírímù fi lè hó títí láìyà. Yógọ́ọ̀tì tí a fi ògidì wàrà màlúù ṣe kò ní ju nǹkan bí ìdá 3.5 lọ. Yàtọ̀ sí èyí, ó ti kan kí ó tó dé ọwọ́ rẹ, kíkan náà sì ti mú kí purotéènì inú rẹ̀ máa dì mọ́ra, bí iná líle bá wá kàn án, á fún pọ̀, á sì ti omi ara rẹ̀ jáde. Ohun tí o rí nínú ìkòkò nìyẹn. Kò sí ẹ̀gbin níbẹ̀, kò sì túmọ̀ sí pé yógọ́ọ̀tì náà ti bàjẹ́ tẹ́lẹ̀.

Ohun tí ìyá ọkọ rẹ sọ ní ìdí, nítorí ẹnikẹ́ni tí ó bá da wàrà kíkan sínú ọbẹ̀ tí ó ń hó yóò rí ohun tí wọ́n ti rí. Ṣùgbọ́n kì í ṣe pé wàrà àti ẹran kọ ara wọn. Àwọn ará Jọ́dánì ń se ẹran àgùntàn nínú wàrà kíkan gbígbẹ tí wọ́n tún fi omi tú, òun sì ni oúnjẹ àpọ́nlé tí wọ́n ń gbé síwájú àlejò pàtàkì.

* * *

Ọ̀pọ̀ àwọn òǹkàwé tí ó kọ̀wé fèsì sí ìbéèrè yìí ní kí a ra yógọ́ọ̀tì tí wọ́n ti yọ gbogbo ọ̀rá rẹ̀ kúrò, níwọ̀n ìgbà tí ó jẹ́ pé ọ̀rá ni a ń sá fún. Èmi kò fara mọ́ ọn rárá. Igba gíráàmù yógọ́ọ̀tì ògidì wàrà, èyí tí ó tó fún ìkòkò ọbẹ̀ ènìyàn mẹ́rin, ní ọ̀rá gíráàmù 7 péré, èyí tí kò tó gíráàmù méjì fún ẹnì kọ̀ọ̀kan. Kí ni a fẹ́ rí gbà níbẹ̀? Èyí tí kò lọ́ràá rárá ni ó sì máa ń tètè ya jù, kíkan rẹ̀ máa ń gún ahọ́n, ọbẹ̀ náà á sì dà bí ẹni pé a bu omi sí i.

Ti ìyẹ̀fun tí àbúrò ọkọ rẹ sọ, òótọ́ ni, àmọ́ ibi tí a ó ti lò ó ni ọ̀pọ̀ ènìyàn kò mọ̀. Tí o bá bù ú sínú ọbẹ̀ gbígbóná, yóò dì ní kókó, kò sì ní ran yógọ́ọ̀tì lọ́wọ́. Inú yógọ́ọ̀tì tútù ni kí o ti pò ó. Ṣíbí ìjẹun kan Maïzena (ìyẹ̀fun funfun tí a yọ láti inú àgbàdo) fún igba sí igba ó lé àádọ́ta gíráàmù yógọ́ọ̀tì ti tó. Bí ooru bá kan Maïzena, á wú, á sì dúró sáàárín purotéènì kí wọ́n má baà rí ara wọn dì mú. Ìyẹ̀fun àlìkámà lè ṣe iṣẹ́ náà, ṣùgbọ́n ó nílò iná púpọ̀ kí adùn tútù rẹ̀ tó kúrò, a kò sì ní ààyè iná púpọ̀ níbí.

Ẹnì kan tí ó ti gbé ní Lẹ́bánónì sọ pé òun máa ń rí i tí wọ́n ń se yógọ́ọ̀tì títí tí ó fi ń hó, nítorí náà ìkìlọ̀ mi ti le jù. Mo gbà pé wọ́n ń ṣe bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n wọ́n kọ́kọ́ máa ń po ìyẹ̀fun tàbí ẹyin mọ́ ọn, wọ́n á sì máa rò ó láìdúró lórí iná kẹ́rẹ́kẹ́rẹ́ títí tí yóò fi ki, kí ẹran tó dé ibẹ̀. Ẹni tí ó ní gáàsì tí iná rẹ̀ ṣeé yí sísàlẹ̀ lè gbìyànjú rẹ̀. Àwa tí a ń fi èédú dáná kò lè pàṣẹ fún iná bẹ́ẹ̀, èyí tí kò hó rárá ni ó yẹ wá.

Bí èmi ṣe ń ṣe é nìyí. Màá gbé yógọ́ọ̀tì jáde nínú fìríìjì nígbà tí mo bá bẹ̀rẹ̀ sí í gé àlùbọ́sà, kí òtútù rẹ̀ lè dín kù. Màá po Maïzena mọ́ ọn títí tí kò fi ní kókó. Nígbà tí ẹran àti olú bá ti jinná pátápátá, tí iyọ̀ ti pé, màá sọ ìkòkò kalẹ̀ kúrò lórí iná, màá sì dúró títí tí híhó rẹ̀ yóò fi rọlẹ̀. Lẹ́yìn náà, màá bu ṣíbí ìbu-ọbẹ̀ kan nínú omi ọbẹ̀ gbígbóná náà, màá dà á díẹ̀díẹ̀ sínú yógọ́ọ̀tì, màá sì máa rò ó. Màá tún bu òmíràn. Nígbà tí yógọ́ọ̀tì bá ti lọ́wọ́ọ́wọ́, màá wá da gbogbo rẹ̀ sínú ìkòkò. Màá kó èédú tí ó pọ́n jù sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, màá gbé ìkòkò padà sórí èyí tí ó kù, màá sì máa rò ó títí tí yóò fi ki, tí èéfín funfun yóò máa jáde lójú rẹ̀. Bí mo bá rí ìhó kan ṣoṣo tí ó yọ létí ìkòkò, màá sọ ọ́ kalẹ̀ lójú ẹsẹ̀.

Àwọn kan ní ríròó láìdúró ti tó. Ó ń ṣèrànwọ́, ṣùgbọ́n yógọ́ọ̀tì tí kò ní ìyẹ̀fun nínú, tí a sì jẹ́ kí ó hó, yóò ya mọ́ ọ lọ́wọ́ níbi tí o ti ń rò ó.

* * *

Mo fẹ́ kí a sọ̀rọ̀ nípa òróró, nítorí pé nínú gbogbo èsì tí ó wọlé, ẹyọ ẹnì kan péré ni ó dárúkọ rẹ̀, bẹ́ẹ̀ níbẹ̀ gan-an ni ọ̀rọ̀ ìlera ọkọ rẹ wà.

Igba gíráàmù kírímù ní ọ̀rá 60 gíráàmù. Igba gíráàmù yógọ́ọ̀tì ní 7. Nítorí náà, gíráàmù 53 ni a yọ kúrò nínú ìkòkò, èyí tí ó tó nǹkan bí kálórì 480. Èyí kì í ṣe nǹkan kékeré. Ṣùgbọ́n ṣíbí ìjẹun kan òróró ẹ̀pà ní ọ̀rá tí ó lé díẹ̀ ní gíráàmù 13. Ẹni tí ó bá fi ṣíbí mẹ́rin òróró dín àlùbọ́sà, dín ẹran, tí ó tún dín olú lọ́tọ̀, ti dá gbogbo ohun tí yógọ́ọ̀tì yọ kúrò padà sínú ìkòkò, kò sì sí ẹni tí ó máa ń fi ṣíbí wọ̀n ọ́n lọ́dọ̀ wa. Láti ẹnu ìgò ni a ti ń dà á. Mo ti wà nílé ìdáná tí wọ́n ti ń yangàn pé yógọ́ọ̀tì ni àwọn ń lò, tí òróró sì ń léfòó pupa lójú ọbẹ̀ náà.

Ṣíbí ìjẹun méjì péré tó fún gbogbo ìkòkò ènìyàn mẹ́rin: ọ̀kan fún àlùbọ́sà àti ẹran, ọ̀kan fún olú. Bí àlùbọ́sà bá fẹ́ lẹ̀ mọ́ ìdí ìkòkò, omi díẹ̀ ni kí o wọ́n sí i, kì í ṣe òróró. Bí o bá sì ráyè, se ẹran náà láti ọjọ́ tí ó ṣáájú, jẹ́ kí omi rẹ̀ sun inú fìríìjì. Ọ̀rá ẹran yóò dì funfun lókè, ìwọ yóò sì fi ṣíbí ká a kúrò. Gbogbo ènìyàn ni ó ń bi mí nípa yógọ́ọ̀tì. Ó wù mí kí wọ́n máa béèrè nípa òróró àti omi ẹran.

Bí ó bá jẹ́ ẹ̀jẹ̀ ríru ni dókítà ń ṣọ́, àwọn kúùbù adùn ọbẹ̀ náà ní láti dín kù, nítorí iyọ̀ ni ó pọ̀ jù nínú wọn. Àjọ Ìlera Àgbáyé ní kí iyọ̀ tí àgbàlagbà ń jẹ lójúmọ́ má tó gíráàmù 5. Kíkan yógọ́ọ̀tì máa ń mú kí ahọ́n má béèrè iyọ̀ púpọ̀, ẹ jẹ́ kí ó ṣiṣẹ́ náà.

* * *

Ẹran wá ńkọ́? Ibí ni àríyànjiyàn ti gbóná jù.

Àwọn tí ó ti jẹ ẹ́ nílùú òyìnbó tẹnu mọ́ ọn pé dídín kíákíá ni ti ọbẹ̀ yìí: kí a gé ẹran ní tín-ín-rín, kí a fi iná líle dín in fún ìṣẹ́jú díẹ̀, kí inú rẹ̀ má sì gbẹ. Wọn kò ṣì sọ bí ó bá jẹ́ pé ẹran tí Faransé ń pè ní filet ni alápatà tà fún wọn, ìyẹn ẹran rírọ̀ tí ó wà lábẹ́ egungun ẹ̀yìn. Iṣan ibẹ̀ kì í ṣe iṣẹ́ púpọ̀ lára màlúù, kò sì ní fọ́nrán líle. Ṣùgbọ́n ó wọ́n, ó sì kéré lára màlúù kan ṣoṣo. Ẹran tí ọ̀pọ̀ jù lọ wa ń rà ní ọjà Ouando níhìn-ín ní Àjàṣẹ́ tàbí ní ọjà Kétu wá láti ara màlúù Fúlàní tí ó ti rin ìrìn-àjò púpọ̀, tí koríko ni oúnjẹ rẹ̀, itan tàbí èjìká sì ni wọ́n sábà máa ń gé fún wa. Tí o bá dín ìyẹn fún ìṣẹ́jú márùn-ún, eyín ni yóò sọ fún ọ.

Ohun tí mo dì mú ni pé irú ẹran bẹ́ẹ̀ ń fẹ́ sùúrù, sùúrù náà sì lérè nínú ọbẹ̀ yìí ju bí àwọn ènìyàn ṣe rò lọ. Àwọn fọ́nrán funfun tí ó so ẹran pọ̀ máa ń yọ́ díẹ̀díẹ̀ nínú omi tí ó ń hó kẹ́rẹ́kẹ́rẹ́, wọ́n á sì mú omi ẹran náà ki, kí ó máa fà díẹ̀ láàárín ìka. Ìkì yìí ni ó ń rọ́pò ọ̀rá kírímù lẹ́nu. Filet kò ní in, nítorí náà ọbẹ̀ yógọ́ọ̀tì tí a fi filet sè sábà máa ń ṣàn ju èyí tí a fi èjìká sè lọ. Mo mọ̀ pé àwọn kan kò ní gbà, ṣùgbọ́n bí ènìyàn bá se méjèèjì lọ́jọ́ kan náà, tí ó gbé wọn kalẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, èyí tí a fi ẹran olówó kékeré sè ni yóò kọ́kọ́ tán.

Fún ìdajì kílò ẹran, wo ibi tí fọ́nrán rẹ̀ dojú kọ, kí o sì gé e ní ìbú, kí ọ̀bẹ gba orí fọ́nrán náà kọjá, ní ìnípọn ìka ọwọ́ kékeré. Bí o bá fi í sínú ibi òtútù títí tí yóò fi le díẹ̀, ọ̀bẹ kò ní máa yọ̀. Nu omi ara rẹ̀ kúrò kí o tó fi í sínú òróró gbígbóná, má sì kó gbogbo rẹ̀ sí i lẹ́ẹ̀kan náà, kí ó lè pọ́n dípò kí ó máa hó nínú omi ara rẹ̀. Lẹ́yìn èyí, àlùbọ́sà ńlá kan, aáyù díẹ̀, ìyèré lílọ̀, omi tí yóò bo ẹran náà tán, ọmọrí, iná kékeré. Ó lè gba wákàtí kan, ó lè gba wákàtí kan àbọ̀. Ẹran ni yóò sọ, kì í ṣe aago. Nígbà tí ó bá rọ̀, ṣí ọmọrí kí omi rẹ̀ fà títí yóò fi ku bí ife kan.

Àwọn kan dámọ̀ràn ìbẹ́pẹ tútù. Ó dára, èròjà inú oje rẹ̀ máa ń gé purotéènì ẹran, ṣùgbọ́n bí ó bá pẹ́ lára ẹran ju nǹkan bí ọgbọ̀n ìṣẹ́jú lọ, ojú ẹran á di jákujàku nígbà tí inú rẹ̀ ṣì le. Ẹni tí yóò se ẹran pẹ́ kò nílò rẹ̀.

* * *

Ṣé Stroganoff, ọbẹ̀ ẹran màlúù oníkírímù tí àwọn ará Rọ́ṣíà ń sè, nìyí ṣá? Òǹkàwé méjì ti béèrè báyìí, ọ̀kan nínú wọn pẹ̀lú ìbínú díẹ̀, pé ẹni tí ó bá yọ kírímù kúrò ti yọ oúnjẹ náà kúrò. Ìwé ìdáná Rọ́ṣíà kan tí a tẹ̀ ní ọdún 1871 ti kọ bí a ṣe ń sè é: ẹran màlúù, omi ẹran, moutarde òyìnbó, àti ìwọ̀nba kírímù kíkan. Kò sí olú níbẹ̀ rárá. Lẹ́yìn ìgbà náà ni olú dé, tí kírímù sì ń pọ̀ sí i bí oúnjẹ náà ṣe ń rìn káàkiri ayé. Kíkan ni ó wà nínú rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, yógọ́ọ̀tì sì ní kíkan ju kírímù adùn tí a ń rà nínú páálí lọ.

* * *

Olú inú agolo ni ó pọ̀ jù lọ ní ilé ìtajà wa. Da omi iyọ̀ rẹ̀ nù, fi omi tútù ṣàn án, fún omi rẹ̀ dànù, kí o sì dín in nínú páànù fífẹ̀ títí tí ara rẹ̀ yóò fi pọ́n. Ẹni tí ó bá dà á tààrà sínú ọbẹ̀ yóò jẹ ohun tí kò ní adùn, omi rẹ̀ yóò sì tún da yógọ́ọ̀tì rú. Bí ó bá jẹ́ olú tútù, rántí pé omi ni nǹkan bí ìdá 90 nínú ọgọ́rùn-ún rẹ̀: páànù fífẹ̀, iná gidi, kí a má sì fi iyọ̀ sí i àfi ìgbà tí omi ara rẹ̀ bá gbẹ tán. Bóyá kí a fọ̀ ọ́ tàbí kí a nù ún, èmi ń fọ̀ ọ́ kíákíá, mo sì ń nù ún, nítorí iyẹ̀pẹ̀ nínú ọbẹ̀ burú ju omi díẹ̀ lọ.

Òǹkàwé kan láti Ṣábẹ béèrè nípa olú tí ó ń hù lára òkìtì ọ̀gán nígbà òjò. Kò sí olú inú agolo tí ó lè bá a dọ́gba ní adùn, ó sì máa ń dúró gírígírí nínú ọbẹ̀. Ṣùgbọ́n ọwọ́ ẹni tí ó mọ̀ ọ́n láti kékeré ni kí ẹ ti rà á. Mo ka a nínú èsì ẹnì kan pé tí a bá se olú pọ̀ mọ́ àlùbọ́sà tàbí ṣíbí fàdákà tí kò sì dúdú, olú náà kò ní májèlé. Irọ́ ni, irọ́ tí ó sì ń pa ènìyàn ni. Májèlé àwọn olú tí ó burú jù lọ kì í yí àwọ̀ ohunkóhun padà, sísè kì í pa á, ìgbà tí inú rírun yóò sì fi bẹ̀rẹ̀, ó ti lè wọ ẹ̀dọ̀. Èyí tí ojú yín kò bá dá mọ̀ dájú, ẹ fi í sílẹ̀ nínú igbó.

* * *

Lórí irú yógọ́ọ̀tì tí a ó rà: ọ̀pọ̀ èyí tí wọ́n ń tà nínú àpò náílọ́ọ̀nù lójú pópó ní ṣúgà, ṣúgà náà ni yóò sì ba ọbẹ̀ jẹ́ kí ó tó di ọ̀rọ̀ pé ó ya. Èyí tí wọ́n kọ “nature” (ìyẹn lásán) sí lára ni kí ẹ wá, kí ẹ sì tún ka ara ike náà bóyá ṣúgà wà nínú rẹ̀. Bí ó bá ṣàn jù, ẹ dà á sínú aṣọ funfun mímọ́, kí ẹ gbé e kọ́ fún wákàtí méjì kí omi rẹ̀ jò dànù. Ohun tí ó kù yóò ki bíi kírímù gan-an.

Àwọn tí ó wà ní Kétu àti Ṣábẹ lè ra wàrà tútù lọ́wọ́ àwọn obìnrin Fúlàní, kí wọ́n fi ṣe tiwọn. Ẹ kọ́kọ́ jẹ́ kí ó hó dáadáa, nítorí wàrà tútù lè gbé àìsàn bí ikọ́ ife wá láti ara màlúù. Nígbà tí ó bá tutù débi pé ìka lè gbé inú rẹ̀, ẹ po ṣíbí yógọ́ọ̀tì kan mọ́ ọn, ẹ dé e, ẹ fi aṣọ wé e títí di ọjọ́ kejì.

* * *

Moutarde inú ìgò, ṣíbí kékeré kan, dára púpọ̀ nínú ọbẹ̀ yìí. Inú yógọ́ọ̀tì ni mo ń pò ó sí. Àwọn tí ó ní kí a fi irú rọ́pò rẹ̀ kò ṣìnà pátápátá, nítorí irú àti olú máa ń bára wọn mu. Ṣùgbọ́n kí ó jẹ́ ìwọ̀n èékánná, kí a sì dín in pọ̀ mọ́ àlùbọ́sà láti ìbẹ̀rẹ̀. Bí ó bá ju bẹ́ẹ̀ lọ, òórùn irú nìkan ni a ó máa gbọ́. Tòmátì ni mo kọ̀. Kíkan rẹ̀ lórí kíkan yógọ́ọ̀tì yóò tún mú kí ó rọrùn fún un láti ya.

Ìrẹsì funfun tàbí iṣu sísè ni mo ń gbé e lé. Iyán Ṣábẹ ń fẹ́ ọbẹ̀ tí ó ní ata tí ó sì lẹ̀, èyí kò sì lẹ̀.

* * *

Àbúrò mi ní Kétu tún kọ̀wé pé ọkọ òun máa ń pẹ́ kí ó tó wọlé, ṣé òun lè sè é sílẹ̀. Se ẹran àti olú sílẹ̀, kí o fi wọ́n sínú fìríìjì, kí yógọ́ọ̀tì náà sì wà lọ́tọ̀. Nígbà tí ó bá dé, jẹ́ kí ẹran hó dáadáa, sọ ọ́ kalẹ̀, kí o wá ṣe ti yógọ́ọ̀tì bí mo ti kọ ọ́ lókè. Kò ní gbà ju ìṣẹ́jú mẹ́wàá lọ. Èyí tí ó bá ṣẹ́kù lẹ́yìn tí yógọ́ọ̀tì ti wọ inú rẹ̀, má fi í sílẹ̀ níta ju wákàtí méjì lọ. Lọ́jọ́ kejì, fi omi ṣíbí díẹ̀ sí i, kí o gbé e sórí iná kékeré, kí o máa rò ó títí tí yóò fi gbóná dáadáa, láìjẹ́ kí ó hó.

Bí ó bá sì tún ya mọ́ ọ lọ́wọ́, má dà á nù. Yọ ẹran àti olú sọ́tọ̀, po ṣíbí kékeré kan Maïzena nínú omi tútù, dà á sínú omi ọbẹ̀ náà lórí iná kékeré, kí o sì fi ìjábẹ̀ jà á gidigidi títí tí àwọn wóró náà yóò fi túká. Kò ní dán bí èyí tí kò ya, ṣùgbọ́n adùn rẹ̀ yóò pé, ọkọ rẹ yóò sì jẹ ẹ́.